Bí Ìkòkò Ọmọ Mi Ṣe Di Ti Ayé Àtijọ́

Ọjọ́ kan ò ní tán lọ́kàn mi, bí wọ́n tilẹ̀ fọ ọkàn náà bí ẹní fọ ẹ̀wù oko. Ọjọ́bọ̀ ni, nínú ọyẹ́, nígbà tí Ìpínlẹ̀ Kogí kò tíì pé ọdún mẹ́ta tí wọ́n dá a sílẹ̀. Akọ̀wé ni mí nígbà náà ní ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀ ní Kabba. Mo máa ń kọ gbogbo nǹkan sílẹ̀: ọjọ́ tí òjò bẹ̀rẹ̀, ọjọ́ tó dá, iye ìgbà tí ọmọ mi sín kó tó dé ilé-ìwé. Ẹ má rẹ́rìn-ín mi. Ẹni tí ejò ti bù jẹ lẹ́ẹ̀mẹrin kì í dúró wádìí bóyá okùn ni ohun tó wà lọ́nà.

Ọmọ mẹ́rin ni èmi àti ìyàwó mi bí ṣáájú Dúróoríkẹ́. Èkíní gbé oṣù mẹ́sàn-án láyé. Èkejì gbé ọdún kan àti ọjọ́ mẹ́fà. Ẹ̀kẹta kò dúró de ọjọ́ ìsọmọlórúkọ. Ẹ̀kẹrin gbé ọdún méjì, ó ti ń sáré pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà. Nígbà tí a bí ìkarùn-ún, ìyá mi dé láti abúlé, kò tilẹ̀ jókòó.

Ó ní, “Ẹ̀yìn ilé tí ẹ háyà lẹ ń sin ibi àwọn ọmọ yìí sí. Ilẹ̀ tí kò mọ̀ yín, báwo ni yóò ṣe bá yín di ọmọ mú? Gbé ibi èyí lọ sórí òkè.”

Òkè tó ń wí yìí wà lẹ́yìn abúlé wa, ní ọ̀nà Odò-Ape. Ibẹ̀ ni àwọn baba wa ní Bùnù ń gbé nígbà tí ogun ń lé wọn kiri, kí wọ́n tó sọ̀ kalẹ̀. Ilé wọn ti wó, igbó ti bò ó, àmọ́ ọlọ ńlá kan ṣì wà níwájú ibi tí ilé bàbá bàbá mi wà. Ọmọ ìjọ ni mí, mo sì níwèé mẹ́wàá, nítorí náà mo ṣàlàyé fún ìyá mi pé ibi ọmọ kò ní agbára kankan. Lẹ́yìn àlàyé náà, mo gbé e lọ. Inú ìkòkò kékeré kan tó ní ìdérí ni mo gbé e sí. Bí mo ṣe ń gun òkè, mo fi ẹnu ìkòkò náà gbá àpáta, ó sì gé ní ìwọ̀n ìka mẹ́ta. Mo ka ìṣísẹ̀ mẹ́rìnlá láti ìdí ọlọ sí ìhà ìlà-oòrùn, mo sì gbẹ́ ilẹ̀.

Kí n tó bò ó, mo fi ohun kan sí i tí ẹnikẹ́ni kò bẹ̀ mí. Mo kọ orúkọ tí a máa sọ ọmọ náà sínú bébà, àti wákàtí tí wọ́n bí i, kí àwọn baba ńlá má baà ṣì í mú fún ọmọ ẹlòmíràn. Mo tún fi gbólóhùn kan kún un. Mo ká bébà náà sínú ìgò abẹ́rẹ́ tó ti ṣófo, mo fi rọ́bà rẹ̀ dé e. Akọ̀wé kì í fi ìwé ránṣẹ́ láìdé e.

Oríkẹ́ dúró. Ó pé ọdún mẹ́sàn-án. Ní gbogbo ọdún náà, a kò sọ fún un pé ẹnikẹ́ni ṣáájú rẹ̀. Mo kìlọ̀ fún gbogbo ẹbí, mo sì kìlọ̀ fún àwọn ará ilé tí a jọ ń gbé. Èrò mi ni pé ọmọ tó bá gbọ́ pé àwọn ẹ̀gbọ́n òun ti lọ, yóò fẹ́ mọ ọ̀nà tí wọ́n gbà.

Báyìí ni ìwé dé sí ọ́fíìsì wa pé àwọn awalẹ̀pìtàn ń bọ̀ láti yunifásítì kan, pẹ̀lú àwọn tó ń ya fíìmù, láti wá ṣe fíìmù nípa bí àwọn ará Bùnù ṣe gbé orí òkè. Ọ̀gá mi ní, “Ìwọ ni ọmọ ibẹ̀. Bá wọn lọ.” Ìyá àgbà kan tó ti tó ẹni ọgọ́ta ọdún ló ṣáájú wọn, Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n là ń pè é. Tó bá ń fi búrọ́ọ̀ṣì gbá erùpẹ̀ kúrò lára àpáàdì, ẹ ó rò pé ojú ọmọ ìkókó ló ń nù. Olùdarí fíìmù ní tiẹ̀ jẹ́ ọ̀dọ́mọkùnrin láti Èkó, ẹ̀wù rẹ̀ ní àpò mọ́kànlá. Mo kà á.

Àwọn àgbà abúlé gba àlejò, wọ́n ní kí wọ́n walẹ̀ níbi tó bá wù wọ́n. Wọn kò mọ̀ nípa ìkòkò mi. Èmi àti ìyá mi nìkan ló mọ̀. Nítorí pé ilé-ìwé ti gba ìsinmi, mo mú Oríkẹ́ dání lọ sọ́dọ̀ ìyá mi, pẹ̀lú súwẹ́tà méjì, ìbọ̀sẹ̀ mẹ́ta, àti òróró ìkunra fún àyà. Ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́rú, ẹnì kan tó gun òkè wá sọ pé òun gbọ́ tí ọmọ mi wúkọ́. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ló wúkọ́. Mo fi gbogbo àwọn onífíìmù sílẹ̀ lórí òkè, mo sáré sọ̀ kalẹ̀ lọ fi òróró pa á láyà. Ẹ fi èyí sọ́kàn, torí ohun tí wọ́n ṣe lẹ́yìn mi ní ìrọ̀lẹ́ náà ló bí gbogbo ìyókù.

Ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n fẹ́ la kòtò kẹta. Ó yíjú sí mi, ó ní, “Akọ̀wé, ẹ̀yin lẹ ni ilẹ̀. Ṣé ibì kan wà tí kò yẹ ká fọwọ́ kàn?”

Ká ní mo sọ pé, “Ó wà, Mà,” ọ̀rọ̀ ìbá tán síbẹ̀. Àmọ́ ojú tì mí. Èmi tí mo ti ń sọ gẹ̀ẹ́sì fún wọn láti ọjọ́ Ajé, kí n wá sọ pé mo sin ibi ọmọ sórí òkè? Mo ní, “Kò sí o, Mà. Ẹ jẹ́ kí n fi ibi tó dáa hàn yín.”

Mo lọ sí ìdí ọlọ, mo ń nara bí ẹni tí ẹsẹ̀ ń dùn, mo sì ka ìṣísẹ̀ mẹ́rìnlá sí ìlà-oòrùn. Níbẹ̀, mo sọ fún ara mi pé, ìkòkò wà lábẹ́ mi. Mo wá ka ogún ìṣísẹ̀ síwájú sí i kí ọkàn mi lè balẹ̀ pátápátá, mo fi ẹsẹ̀ lu ilẹ̀, mo ní, “Ẹ wà á níhìn-ín.”

Kò pé wákàtí méjì tí ẹnì kan fi ké nínú kòtò. Wọ́n rí ìkòkò, odindi, pẹ̀lú ìdérí. Olùdarí fò sókè bí ẹni tí eèrà wọ̀ sí ṣòkòtò. Ó ní kí n wá dúró lẹ́bàá kòtò, kí n sọ̀rọ̀ sí kámẹ́rà gẹ́gẹ́ bí ọmọ onílẹ̀. Erùpẹ̀ bo ìkòkò náà, ọkàn mi sì balẹ̀ nípa ogún ìṣísẹ̀ mi. Mo tún kọ́là ẹ̀wù mi ṣe, mo sọ̀rọ̀.

Mo ní, “Ọwọ́ àwọn baba ńlá wa ló mọ ìkòkò yìí. Kí a tó bí bàbá bàbá mi ló ti wà nínú ilẹ̀ yìí. Ẹ wo iṣẹ́ ọwọ́! Irú rẹ̀ kò sí mọ́ lóde òní.”

Ibi tí mo sọ ọ́ dé nìyẹn tí Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n fi búrọ́ọ̀ṣì gbá ẹnu ìkòkò, mo sì rí ibi tó gé. Ìwọ̀n ìka mẹ́ta.

Olùdarí ní, “Ẹ máa sọ lọ, Akọ̀wé, ó ń dùn!”

Mo ní, “Irú rẹ̀ kò sí,” mo sì tún ní, “Kò sí.” Mo wo ọlọ. Mo bi wọ́n, “Ọlọ yẹn, ṣé ibẹ̀ ló wà láti ìbẹ̀rẹ̀?”

Olùdarí rẹ́rìn-ín. “Ojú yín mú o! Àná la gbé e, lẹ́yìn tí ẹ lọ. Oòrùn ìrọ̀lẹ́ kò dé ibi tó wà. Ọkùnrin mẹ́rin ló gbé e sẹ́yìn. Ẹ ó rí i nínú fíìmù, ó ń tàn bíi wúrà.”

Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n dìde lórí eékún rẹ̀. “O gbé kí ni?”

“Mà, a máa dá a padà.”

“Òkúta tó wà lójú kan látayébáyé, o gbé e nítorí oòrùn? Ṣé bí ẹni gbé àga nílé àna ẹ ni?”

Bí wọ́n ṣe ń jà, mo wá ibi tí ìdí ọlọ ti tẹ̀ sílẹ̀ tẹ́lẹ̀, mo sì wọn ibẹ̀ sí ibi tó wà báyìí. Ogún ìṣísẹ̀ gééré. Ogún ni wọ́n fi gbé e sẹ́yìn, ogún ni èmi náà fi kún un. Bí mo bá jẹ́ òbí tí kò bìkítà, tí mo kàn tọ́ka sí ibì kan ṣáá, ìkòkò ọmọ mi ì bá ṣì wà nínú ilẹ̀.

Ọ̀sán ni ìyá mi gbé iyán gun òkè, Oríkẹ́ tẹ̀lé e. Ó kí gbogbo wa, “Okun o, okun o,” ó sì bojú wo kòtò. Kò tún kí ẹnikẹ́ni mọ́. Ó fà mí sẹ́yìn igi.

“Kí ni mo rí nínú kòtò yẹn?”

“Ìkòkò ni, Ìyá.”

“Mo rí i pé ìkòkò ni, ojú mi ò tíì fọ́. Ìkòkò ta ni?”

Mo nawọ́ sí ọlọ, mo ní wọ́n ti gbé e kúrò níbi tó wà.

“Ìwọ tó ń ka ìṣísẹ̀ bí ẹni ń ka ẹyin awó! Ọmọ ní orí ń fọ́ òun látàárọ̀. Lọ fọwọ́ kan ọrùn rẹ̀.”

Mo lọ fọwọ́ kàn án. Ó gbóná bí òkúta ọ̀sán. Oríkẹ́ ní, “Bàbá mi, mo fẹ́ sùn,” ó sì dùbúlẹ̀ lórí ẹní. Ẹ̀kẹrin sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ní ọjọ́ tirẹ̀. Mo mọ̀ pé ibà wà nílẹ̀ yìí kí n tó sin ìkòkò. Mo mọ̀ ọ́n bí mo ṣe mọ orúkọ mi. Orí mọ̀ ọ́n, àmọ́ ẹsẹ̀ mi ti yí sí ọ̀nà kòtò.

Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n wá sọ pé òun kò ní ṣí ìdérí ìkòkò níbẹ̀. Inú páálí ni wọn yóò gbé e sí. Ní aago mẹ́rin, ọkọ̀ wọn yóò gbé e lọ sí yunifásítì, níbi tí wọn yóò ti ṣí i lábẹ́ iná. Ìyá mi bi mí pé kí ló wí. Mo túmọ̀ rẹ̀ fún un.

Ó ní, “Lọ sọ fún wọn.”

“Ìyá, mo ti sọ níwájú kámẹ́rà pé ti àwọn baba ńlá ni.”

“Ta ló bí i, ìwọ tàbí kámẹ́rà?”

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, mi ò lè sọ ọ́. Mo lọ lẹ́ẹ̀mejì, mo la ẹnu, mo sì béèrè bóyá wọ́n fẹ́ omi. Nígbà tí wọ́n jókòó ti iyán, mo pinnu láti jí i. Mo fi súwẹ́tà kejì Oríkẹ́ wé ìkòkò náà, mo gbá a mọ́ àyà, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀.

“Ẹ dúró níbẹ̀! Ẹ má mira!”

Olùdarí ni. Mo rò pé ayé mi ti bàjẹ́. Ó sáré dé pẹ̀lú ọkùnrin tó ń gbé kámẹ́rà, ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́. “Akọ̀wé, ẹ gbọ́n! Ọmọ onílẹ̀ ń gbé ìkòkò baba rẹ̀ padà sílé! Kí ló dé tí èmi ò ronú kàn án? Ẹ yọ súwẹ́tà yẹn, ẹ gbé e lé èjìká. Ẹ tún ọ̀nà yẹn rìn.”

Mo rìn ín. Ó ní mo yára jù. Mo padà gun òkè, mo tún un rìn.

“Ojú yín, Akọ̀wé. Ẹ ń wò bí olè.”

Mo ní màá gbìyànjú.

Ní ìgbà kẹta, ó ní kí n máa lọ tààrà títí òun ó fi ní kí n dúró. Mo lọ. Ó ní, “Ó ti tó!” Mi ò dúró. Ó ní, “Akọ̀wé, ó ti tó o!” Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sáré. Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n da iyán nù lọ́wọ́, ó ń kígbe pé kí wọ́n mú mi. Bàtà ọ́fíìsì ni mo wọ̀, ìsàlẹ̀ rẹ̀ ti jẹ dán. Mo tẹ òkúta wẹ́wẹ́, ẹsẹ̀ mi méjèèjì fi ilẹ̀ sílẹ̀, ìkòkò sì ba àpáta. Kò dún púpọ̀. Ó dún bí ìgbà tí ẹyin bá bọ́.

Mo dùbúlẹ̀ síbẹ̀, eékún mi ń ṣẹ̀jẹ̀, mò ń wo erùpẹ̀ dúdú tó dà sílẹ̀ láàárín àpáàdì. Ó dà bí erùpẹ̀ èyíkéyìí. Ìgò abẹ́rẹ́ náà yí lọ, ó yí lọ, ó sì dúró. Ariwo orúkọ mi ló jí Oríkẹ́. Ó ti sọ̀ kalẹ̀ tẹ̀lé wa, ó sì bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó mú un.

Mo kígbe, “Má fọwọ́ kàn án, ìgò lè gé ọ!” Ohun tó wá sí mi lẹ́nu nìyẹn, lọ́jọ́ tí gbogbo nǹkan ti fọ́ tán.

Ó yọ rọ́bà, ó tú bébà. Ó kà á sókè, pẹ̀lú ohùn tí wọ́n fi ń kàwé ní kíláàsì, láìdúró níbì kankan.

“Dúróoríkẹ́. Ọmọbìnrin. Aago mẹ́rin ìdájí ku ìṣẹ́jú mọ́kànlá. Ọmọ karùn-ún. Mẹ́rin ti lọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa di èyí mú.”

Gbogbo èèyàn ti dé. Kámẹ́rà ṣì ń ṣiṣẹ́, mo ń gbọ́ bó ṣe ń kùn.

Oríkẹ́ ní, “Bàbá mi, orúkọ mi ló wà níbí. Mẹ́rin wo ló lọ?”

Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n wo àpáàdì, ó wo bébà, ó wò mí. Ó sọ fún olùdarí pé, “Pa á.”

“Mà, èyí ló dáa jù nínú gbogbo ohun tí a—”

“Mo ní pa á.”

Ó pa á. Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. “Ọdún mélòó ni ìkòkò yìí, Akọ̀wé?”

“Ọdún mẹ́sàn-án, oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mọ́kànlá, Mà.”

“Mo ti ń fura sí amọ̀ yẹn. Mo bi yín léèrè láàárọ̀. Kí ló dé tí ẹ ò sọ?”

“Ojú ló tì mí, Mà.”

Ó mí kanlẹ̀. “Mo bí ọmọ méjì. Ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni wọ́n sin ibi tiwọn sí, mi ò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ́lé síbẹ̀.”

Oríkẹ́ kò tíì gbàgbé ìbéèrè rẹ̀. Ó tún bi mí. Mo wo ìyá mi kó gbà mí, ìyá mi wo ibòmíràn. Mo wá sọ fún un, lórí ilẹ̀ níbẹ̀, níwájú àlejò. Mo dárúkọ Ṣẹ́gun. Mo dárúkọ Fúnmi. Mo ní ẹ̀kẹta kò dúró gba orúkọ. Mo dárúkọ Máyọ̀wá, mo sì sọ bó ṣe máa ń sáré pàdé mi. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀ láìsunkún. Ó wá ní, “Níbo ni wọ́n wà?”

Mo ní mi ò mọ̀.

“Ẹ ò mọ̀? Ẹ ò kọ ọ́ sílẹ̀?”

Mo ṣàlàyé fún un pé wọn kì í jẹ́ kí bàbá tàbí ìyá mọ ibi tí wọ́n sin irú ọmọ bẹ́ẹ̀ sí. Àwọn àgbà ló ń gbé wọn lọ. Wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ wa lẹ́ẹ̀mẹrin, nígbà tí wọ́n sì ṣí i, ilẹ̀ ti bo ohun gbogbo. Èmi tí mo mọ iye àpò ẹ̀wù àlejò, mi ò mọ ibi tí ọmọ mi kan ṣoṣo wà nínú mẹ́rin. Kí n tó sọ ọ́ tán, ẹkún gbà mí. Mi ò sunkún ní ọjọ́ wọn, wọ́n ní ọkùnrin kì í sunkún ọmọ. Mo wá sun gbogbo rẹ̀ pa pọ̀ níwájú àwọn awalẹ̀pìtàn.

Wọ́n bá wa kó erùpẹ̀ àti àpáàdì náà, títí kan èyí tó kéré jù. Màmá Ọ̀jọ̀gbọ́n fúnra rẹ̀ ló dá a padà sínú kòtò, Oríkẹ́ sì fi ọwọ́ ara rẹ̀ ti ilẹ̀ bò ó. Ọkọ̀ wọn, tó yẹ kó gbé ìkòkò lọ ní aago mẹ́rin, àwa ló gbé lọ sí ilé ìwòsàn ní Kabba. Ibà ni. Nọ́ọ̀sì tó gún un lábẹ́rẹ́ bi mí pé ọjọ́ mélòó ni ara rẹ̀ ti ń gbóná kí n tó gbé e wá. Nígbà tí mo wí pé láti ọ̀sán, àmọ́ mo kọ́kọ́ lọ jí ìkòkò, ó fura pé èmi ló yẹ kí òun tọ́jú.

Wọ́n fi fíìmù náà hàn lórí tẹlifíṣọ̀n lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Wọ́n yọ ọ̀rọ̀ mi kúrò. Ìrìn mi ẹlẹ́ẹ̀kejì nìkan ni wọ́n fi sílẹ̀, èyí tí mo ń wò bí olè, ohùn kan sì ń sọ lábẹ́ rẹ̀ nípa àwọn èèyàn tó mọyì ogún baba wọn. Títí dòní, bí mo bá wọ abúlé, wọ́n á ní ká lọ tọ́jú ìkòkò wa o, olùmọyì dé.

Mo máa ń bá wọn rẹ́rìn-ín. Àmọ́ ohun tí mo kọ́ lórí òkè náà kò pa mí lẹ́rìn-ín tó bẹ́ẹ̀. Ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi ń dáàbò bo ọmọ mi lọ́wọ́ ọ̀fìnkìn, lọ́wọ́ ìgò, lọ́wọ́ òkúta, mo sì gbàgbé láti dáàbò bò ó lọ́wọ́ ìdákẹ́jẹ́ mi. Òbí tó bá ń fi òtítọ́ pa mọ́ fún ọmọ kò fi gbogbo ara ṣọ́ ọmọ náà, ara rẹ̀ ló ń ṣọ́. Ẹ bi mí, mo ti san owó ẹ̀kọ́ rẹ̀ pẹ̀lú eékún.

Nínú ọkọ̀ tó ń gbé wa lọ sí Kabba, Oríkẹ́ gbé orí lé mi lẹ́sẹ̀. Mo rò pé ó ti sùn. Ó ní, “Bàbá mi, ẹ̀kẹta yẹn. Bí kò bá lórúkọ, báwo ni mo ṣe fẹ́ máa kà á mọ́ wọn?”

Mo ní mi ò mọ̀.

Ó ní, “Ẹ jẹ́ ká máa pè é ní Ẹ̀kẹta. Kó má baà dà bíi pé kò wá.”

Mo rẹ́rìn-ín níbẹ̀, ẹ̀rín tí omi ojú ń jáde lára rẹ̀, torí pé akọ̀wé ni mí fún ọdún mẹ́rìnlá, mi ò sì rò ó rí pé mo lè kọ orúkọ ọmọ náà báyẹn.